Ìlà Mẹ́tàdínlógún Tó Ṣófo

Ìwé mẹ́ta ló wà nínú àpótí onírin tí Léon ń tì sábẹ́ ibùsùn. Káàdì ìrìbọmi rẹ̀. Ìwé tí ìjọba fi gbà á síṣẹ́. Àti ìwé ìkìlọ̀ kan, ojú ewé kan ṣoṣo, tí òǹtẹ̀ wà nísàlẹ̀ rẹ̀.

Ẹ̀kẹta yìí ló máa ń fi han àlejò.

Ta ló ń fi ìwé ìkìlọ̀ yangàn? Ìbíọlá ìyàwó rẹ̀ ti bi í títí ó fi sú u. Àwọn mìíràn tó gba irú ìwé bẹ́ẹ̀, inú iná ìdáná ni wọ́n ń sọ ọ́ sí. Ti Léon kọ́. Yóò nu ọwọ́ rẹ̀ lára ṣòkòtò, yóò tú ìwé náà jẹ́jẹ́, yóò fi ìka tọ́ ìlà kan láàárín rẹ̀. "Lẹ́yìn tí a gbọ́ tẹnu rẹ̀." Ibẹ̀ ni. Kò sí ibòmíràn tó fẹ́ kí wọ́n kà.

"Wọ́n gbọ́ tẹnu mi," yóò wí. "Kí wọ́n tó kọ ọ́."

Ẹni ọdún mọ́kànléláàádọ́ta ni. Ìgè ni wọ́n ń pè é nílé, nítorí ẹsẹ̀ ló fi wáyé. Léon ni wọ́n ń pè é ní ṣọ́ọ̀ṣì àti níbi iṣẹ́. Abúlé tó ń gbé wà létí odò Mono, lókè adágún Nangbéto, iṣẹ́ rẹ̀ kò sì gbà ju ọ̀ọ́dúnrún ìgbésẹ̀ lọ láti ẹnu ọ̀nà ilé rẹ̀. Ìjọba ri àwọn pátákó onírin sínú odò níbẹ̀, wọ́n tò wọ́n gun èbúté bí àtẹ̀gùn, wọ́n kun ìlà àti nọ́ńbà sí wọn lára. Aago mẹ́fà òwúrọ̀, Léon á sọ̀kalẹ̀ lọ wo ibi tí omi dé. Aago mẹ́fà ìrọ̀lẹ́, á tún lọ. Á kọ ọ́ sínú ìwé ńlá kan, ìlà kan fún ọjọ́ kan. Á pe ilé iṣẹ́ ní Atakpamé lórí fóònù, á sọ nọ́ńbà náà fún wọn, nítorí àwọn tó ń ṣí ẹnu ìdídò ní Nangbéto fẹ́ mọ omi tó ń bọ̀ kó tó dé.

Òjò. Ọyẹ́. Ọjọ́ Àjíǹde. Ọjọ́ tí wọ́n bí Laetitia ọmọ rẹ̀. Ọdún méjìlélógún. Iṣẹ́ kékeré ni, ṣùgbọ́n omi kì í gba ìsinmi.

Títí di oṣù kẹfà, ọdún mẹ́ta sẹ́yìn.

Fágbénró bàbá rẹ̀ ló ń tọ́jú ojúbọ ìdílé wọn ní abúlé kan lẹ́yìn Datcha. Bàbá ń bọ, ọmọ ń gba Máàsì, wọn kò sì jà rí. "Ọjọ́ Àìkú ni tìrẹ," bàbá á wí, "gbogbo ọjọ́ ni tèmi. A ó pàdé nídìí iṣu." Wọ́n sì ń pàdé nídìí iṣu.

Ọ̀sán ọjọ́ kan, alùpùpù kan gbé àbúrò bàbá rẹ̀ dé etí odò. Arúgbó náà kò sọ̀ kalẹ̀. "Ìgè, ilé ń pè ọ́," ló wí. Ohùn tó fi sọ ọ́ ti tó. Léon kọ nọ́ńbà òwúrọ̀ ọjọ́ náà sílẹ̀ tán, ó ti ìwé náà mọ́nú àpótí, òun àti Ìbíọlá sì lọ.

Ní agboolé wọn, ẹni tó ń tọ́jú ojúbọ kì í kú lẹ́nu ọmọ rẹ̀. Bí wọ́n ṣe bá a nìyẹn. Títí àwọn àgbà yóò fi ṣe ohun tí wọ́n máa ń ṣe tán, tí àwọn fúnra wọn yóò fi sọ ọ́, ọmọ kò gbọdọ̀ fẹnu sọ ọ́, kò gbọdọ̀ kọ ọ́ sílẹ̀, kò gbọdọ̀ rán an lórí fóònù. Àkọ́bí kò sì gbọdọ̀ jáde lágboolé títí wọn yóò fi dá a sílẹ̀. Ọjọ́ mélòó? Ọjọ́ tó bá gbà ni.

Fóònù wà lápò Léon. Nọ́ńbà ọ̀gá rẹ̀ wà nínú rẹ̀. Ó yọ ọ́ nígbà mẹ́ta, ó dá a padà nígbà mẹ́ta. Kí ni yóò wí? Pé ara òun kò yá? Ẹni tí kò pa irọ́ mọ́ omi rí, ṣé orí àìsàn ni yóò ti wá bẹ̀rẹ̀?

Ọ̀nà kan ló kù. Igbá. Bí irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ bá ṣẹlẹ̀, ìdílé lè gbé igbá lọ dojú rẹ̀ dé níwájú àgbà kan níta, ẹni tó bá mọ̀ yóò mọ̀, ẹnu kankan kò ní sọ̀rọ̀. Gaël ni ọ̀gá rẹ̀ ń jẹ́, ọmọ Ewe láti Notsé, ẹni ọdún mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n, tó mọ ìwé, tí kò tíì mọ èdè igbá. Ṣùgbọ́n ìyá rẹ̀, Màmá Geneviève, ti ta ọṣẹ ní ọjà Datcha fún ogún ọdún. Ó gbọ́ Ifẹ̀, èdè àwọn Léon, bí ẹni tí wọ́n bí sínú rẹ̀. Ó mọ ohun tí igbá ń sọ. Àti pé ìròyìn àgbà, etí àgbà ló ń kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Kí èèyàn fo ìyá kọjá, kó lọ da irú ọ̀rọ̀ yẹn sí ọmọ létí, níbo ni wọ́n ti ń ṣe bẹ́ẹ̀?

Ọjọ́ ọjà ni. Àwọn àgbà gbà fún un kó jáde lẹ́ẹ̀kan yìí kí wọ́n tó ti ilẹ̀kùn.

"Léon ọkọ odò!" Màmá Geneviève ti rí i láti òkèèrè. "Ṣé ọṣẹ tán nílé ni, àbí Ìbíọlá ti lé ọ jáde nítorí òórùn ẹja?"

Léon kò rẹ́rìn-ín. Ó kúnlẹ̀, ó dojú igbá dé sórí àtẹ, láàárín àwọn ọṣẹ.

Ọwọ́ Màmá dúró lókè.

"Háà."

Ó wo Léon lójú.

"Ọ̀dọ̀ Ọ̀gá ni mo fẹ́ kó dé, Màmá."

"Yóò dé." Ó ti ń fi ìborùn rẹ̀ bo igbá náà. "Máa lọ, ọmọ mi. Pẹ̀lẹ́. Yóò dé."

Ó lọ. Ọkàn rẹ̀ balẹ̀ ní ti iṣẹ́. Lójú tirẹ̀, ó ti sọ fún ìjọba.

Ọjọ́ mẹ́tàdínlógún ni ilẹ̀kùn fi wà ní títì. Lọ́jọ́ kẹtàdínlógún, àwọn àgbà sọ ọ́, gbogbo abúlé sì sunkún ohun tí gbogbo abúlé ti mọ̀. Lọ́jọ́ kejìdínlógún, Léon padà sétí odò. Omi ti gòkè dé pátákó kẹrin, ó ti fi ẹrẹ̀ kun ìdí igi. Ó ṣí ìwé ńlá náà. Ọwọ́ rẹ̀ fúnra rẹ̀ ló wà lórí ìlà tó gbẹ̀yìn. Lẹ́yìn rẹ̀, funfun. Ìlà mẹ́tàdínlógún.

Ó kọ ti ọjọ́ náà sí ìlà kejìdínlógún. Ó fi àwọn ìlà yòókù sílẹ̀.

Lọ́jọ́ kejì, Cédric yà kí i kú ara-fẹ́rakù. Òun náà ń wo omi fún ilé iṣẹ́ kan náà, ní etí odò Ogou. Ó kí wọn tán, ojú rẹ̀ bọ́ sórí ìwé.

"Kí lèyí? Kọ nǹkan sí i!"

"Kí ni kí n kọ?"

"Òní mẹ́wàá, ọ̀la méjìlá, ọ̀tunla mẹ́tàlá. Omi ti gòkè, àbí kò gòkè? Mú un gòkè díẹ̀díẹ̀. Tí wọ́n bá bi ọ́ ìdí tí o kò fi pè, sọ pé kò sí nẹ́tíwọ́ọ̀kì. Ṣé omi máa wá jẹ́rìí ni?"

"N kò rí i, Cédric."

"Ta ló bi ọ́ bóyá o rí i? Ìgè, ẹsẹ̀ lo fi wáyé. Ṣọ́ra kí wọ́n má fi ẹsẹ̀ fà ọ́ jáde níṣẹ́."

Ìbíọlá ń bó ẹ̀gẹ́ lẹ́nu ọ̀nà. Kò gbójú sókè. "Cédric, bí o bá ti mu omi rẹ tán, ọ̀nà ilé rẹ kò tíì dí."

Lọ́jọ́ kẹta, ọlọ́kọ̀ sẹ́mìjàn kan gun alùpùpù rẹ̀ wọ àgbàlá pẹ̀lú lẹ́tà. Léon kà á lórí ìdúró, ó sì tún un kà lórí ìjókòó. Ọ̀gá Gaël ti kọ̀wé lọ sókè láti ọjọ́ kẹwàá pé òṣìṣẹ́ tó ń wo omi pa iṣẹ́ rẹ̀ tì, kò sọ fún ẹnikẹ́ni. Kí Léon fèsì láàárín ọjọ́ mẹ́ta. Kó sì wá síwájú ìgbìmọ̀ ní Atakpamé, lọ́jọ́ báyìí, aago báyìí. Bí ẹ̀sùn náà bá dúró, wọn yóò yọ orúkọ rẹ̀ kúrò nínú ìwé àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba.

Ọdún méjìlélógún. Àti Laetitia tó ṣì wà nílé ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì.

Ṣé igbá kò dé ni? Ó gun ọ̀nà Datcha lọ. Àtẹ ọṣẹ kò sí níbẹ̀ mọ́. Obìnrin tó ń ta ata lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ló ṣàlàyé. Ní ọjọ́ kejì ọjọ́ ọjà yẹn ni ìyàwó Gaël bímọ, oṣù ọmọ kò tíì pé. Ọmọ bíńtín, tí wọ́n ń fi ẹ̀rọ mú ara rẹ̀ móoru nílé ìwòsàn. Màmá ti ré kọjá sí Atakpamé lọ tọ́jú wọn. Wọn kò tíì gbé ọmọ náà jáde wo oòrùn. Wọn kò tíì sọ ọ́ lórúkọ.

Gbogbo rẹ̀ wá yé Léon lójú ẹsẹ̀. A kì í gbé igbá tó dojú dé wọ ilé tí ọmọ tuntun kò tíì jáde. Màmá kò gbàgbé. Ó ń di ọ̀rọ̀ náà mú. Òun náà ì bá ṣe bẹ́ẹ̀. Inú kò lè bí i, bó tilẹ̀ gbìyànjú.

Ní alẹ́ ọjọ́ náà, ó fèsì ìwé. Bàbá òun ló kú. Àwọn àgbà kò tíì sọ̀rọ̀ nígbà náà. Òun ránṣẹ́ nípasẹ̀ àgbàlagbà kan. Ó dúró níbẹ̀.

"Kọ orúkọ rẹ̀," Ìbíọlá wí.

"N kò lè kọ ọ́."

"Bàbá Laetitia, kọ orúkọ rẹ̀!"

"Kí n ti inú ìwé ìjọba ti ikú wọ ilé ọmọ tuntun? Kí n fi ìyá Ọ̀gá dójú tì í níwájú àwọn tó ń kí i? Ọmọ náà kò tíì jáde, Ìbíọlá."

"Laetitia ti jáde ní tirẹ̀. Ó ti jáde, ó sì ń jẹun."

Léon pa fìtílà.

Ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ pé. Ìbíọlá, tí inú ń bí, di iṣu márùn-ún tó dára jù sínú àpò fún un, kó fi wá ojú rere. Iṣu náà kò kọjá géètì. Ẹ̀ṣọ́ ní àṣẹ Màdáàmù ni: ẹni tó bá ń bọ̀ wá jẹ́jọ́, ọwọ́ òfìfo ni kó fi wọlé, bó bá ń lọ kó gba ẹrù rẹ̀.

Màdáàmù náà ni Jacqueline, olórí àwọn tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́. Obìnrin tó ga, irun rẹ̀ ti funfun níwájú, ọdún méjì ló kù kó fẹ̀yìn tì. Ọmọ Atakpamé ni. Wọ́n ní kì í rẹ́rìn-ín. Léon ti gbàdúrà nípa obìnrin yìí lọ́nà gbogbo tó mọ̀.

"Ẹ jókòó, Ọ̀gbẹ́ni Léon."

Ẹ. Ó dàgbà jù ú, ó jẹ́ ọ̀gá ọ̀gá rẹ̀, ó sì ń pè é ní ẹ.

"Faransé ni tàbí Ifẹ̀? Èyí tó bá rọ̀ yín lẹ́nu."

"Ifẹ̀, Màdáàmù."

"Ó dára. Òfin gbà kí ẹ mú ẹnìkan wá kó jókòó tì yín. Ta lẹ fẹ́?"

Léon ronú. "Ọlọ́run, Màdáàmù."

"Ẹni tó lè buwọ́ lùwé, Ọ̀gbẹ́ni Léon."

Ó rẹ́rìn-ín. Díẹ̀, ní igun ẹnu kan. Wọ́n ránṣẹ́ pe André, awakọ̀ ilé iṣẹ́, ó wá jókòó tì í, òórùn epo ọkọ̀ ń jáde lára rẹ̀. Gaël wà lódì kejì tábìlì. Ojú rẹ̀ wú bí ti ẹni tí kò sùn láti oṣù tó kọjá. Kò wo Léon.

Léon ro tẹnu rẹ̀. Wọn kò já lù ú. Ó sọ nípa ilẹ̀kùn tí wọ́n tì, ó sọ nípa igbá. Màdáàmù ń kọ ọ́ sílẹ̀ fúnra rẹ̀.

"Ta ni ẹ gbé igbá náà fún?"

"Àgbàlagbà kan ni, Màdáàmù."

"Ó lórúkọ?"

"Ó ní."

"Ẹ ò ní sọ ọ́?"

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú sí mi."

Gaël mí kanlẹ̀. "Màdáàmù, ṣé ẹ rí i? Igbá. Àgbàlagbà tí kò lórúkọ. Èmi pe nọ́ńbà rẹ̀ lójoojúmọ́ fún ọ̀sẹ̀ kan, kò gbé e."

"Ẹ rán ẹnìkan lọ sétí odò?"

"Rárá, Màdáàmù. Mo... ilé ìwòsàn ni mo wà."

"Mo gbọ́." Ó fa ìwé ńlá Léon sún mọ́ ara rẹ̀, ó ṣí i. Ojúewé funfun náà. Ó wò ó pẹ́.

"Ọ̀gbẹ́ni Léon, ọdún mọ́kàndínlọ́gbọ̀n ni mo fi ń ka ìwé bí èyí. Àwọn kan wà tí wọn kò ní ìlà kan ṣoṣo tó ṣófo, bẹ́ẹ̀ mo mọ̀ pé Lomé ni wọ́n wà. Kí ló dé tí ẹ kò kọ nǹkan kan síbí?"

"N kò sí níbẹ̀. Omi tí n kò rí, n kò lè kọ ọ́."

"Kò sí ẹni tó gbà yín nímọ̀ràn?"

"Ó wà."

"Òun náà kò lórúkọ."

"Ó ní, Màdáàmù."

André rẹ́rìn-ín, ó sọ ọ́ di ikọ́.

Màdáàmù Jacqueline pa ìwé náà dé. "Ó tó fún òní. Ẹni tó lè fi irọ́ gba ara rẹ̀ là nínú ìwé yìí, tí kò ṣe é, n kò lè fi ìṣẹ́jú mẹ́wàá lé e lọ. Ẹ padà wá lọ́jọ́ mẹ́jọ òní. Ọ̀gbẹ́ni Léon, ẹ lọ bá àgbàlagbà yín sọ̀rọ̀. Títí dìgbà náà, òṣìṣẹ́ ni yín. Ẹ lọ wo omi."

Ẹ lọ wo omi. Léon gba iṣu rẹ̀ lẹ́nu géètì, ó gun ọkọ̀, ojú rẹ̀ kò sì gbẹ títí ó fi délé. Kò tíì jàre. Ṣùgbọ́n wọn kò tíì lé e.

Kò lọ bá àgbàlagbà kankan. Ọjọ́ mẹ́jọ ló fi wo omi, òwúrọ̀ àti ìrọ̀lẹ́, bí ẹni tó ń dágbére.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ nílé Gaël, ẹ̀yìn gbogbo rẹ̀ ni Léon tó gbọ́ ọ. Ìdí oúnjẹ ni wọ́n wà. Gaël ní ọkùnrin odò kan ń pa ìtàn fún ìgbìmọ̀, ó ní igbá ni òun fi ránṣẹ́, sí àgbàlagbà kan tí òun kò lè dárúkọ. Màmá Geneviève gbé òkèlè rẹ̀ padà sínú àwo.

"Kò dárúkọ?"

"Wọ́n bi í títí. Ó kọ̀."

Ìyá dìde. Ó wọkọ̀ padà lọ sí ilé ara rẹ̀. Ìgbà tó jáde níbẹ̀, ó gbé nǹkan dání tí aṣọ bò.

Nítorí náà, lọ́jọ́ kẹjọ, nígbà tí Léon wọ yàrá ìgbìmọ̀, ẹni mẹ́rin ló bá níbẹ̀ dípò mẹ́ta. Màdáàmù. André. Gaël, tó gbójú sílẹ̀. Àti Màmá Geneviève, lórí àga tó ṣe tààrà sí tábìlì, pẹ̀lú ẹrù lórí itan rẹ̀.

Ó tú aṣọ. Ó gbé igbá sórí tábìlì, ó dojú rẹ̀ dé, láàárín àwọn fáìlì.

"Màdáàmù, èmi ni. Ọwọ́ mi ni ọ̀rọ̀ náà kú sí. Ẹ̀yìn ilẹ̀kùn mi ni igbá yìí wà láti ọjọ́ ọjà yẹn. Mo ní kí ọmọ ọmọ mi kọ́kọ́ jáde wo oòrùn kí n tó..." Ẹnu rẹ̀ dúró. Ọ̀rọ̀ tó kàn ni ọ̀rọ̀ náà gan-an. Wọ́n ti gbé ọmọ náà délé láti ilé ìwòsàn, ṣùgbọ́n kò tíì jáde wo oòrùn. "Kí n tó sọ pé bàbá ọkùnrin yìí..."

"Ẹ má sọ ọ́, Màmá." Léon ti wà lórí eékún. "Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ fúnra mi. Ẹ má jẹ́ kó gba ẹnu yín kọjá." Ó kọjú sí tábìlì. "Bàbá mi ló kú, Màdáàmù. Fágbénró ló ń jẹ́. Màmá kò sọ ọ́. Èmi ni mo sọ ọ́."

Abẹ̀bẹ̀ ń yí lókè.

"Wò ó, dìde nílẹ̀," Màmá wí. "Òmùgọ̀ ọmọ. O fẹ́ kí wọ́n lé ọ nítorí mi? Ta ni yóò máa ra ọṣẹ mi?"

Gaël gbójú sókè. Ìgbà yìí ló tó wo Léon. "Bàbá Léon, ó yẹ kí n ti rán ẹnìkan sétí odò kí n tó kọ̀wé. Ọjọ́ tí mo kọ ọ́, èmi náà ń bẹ̀rù pé wọ́n máa pè mí láti ilé ìwòsàn. N kò ronú pé ẹlòmíràn lè ní irú ọjọ́ bẹ́ẹ̀."

"Ẹ kọ ìyẹn sílẹ̀, kí ẹ buwọ́ lù ú," Màdáàmù wí. Ó kọ tirẹ̀ náà. Ó pẹ́ tó ń kọ ọ́. Ó kà á jáde ní Faransé, nítorí òfin, ó sì tún un sọ ní Ifẹ̀, nítorí Léon.

"Ẹ̀sùn pé ẹ pa iṣẹ́ tì, a ti fà á ya. Ọjọ́ tí òfin fún ọmọ tí bàbá rẹ̀ kú, tiyín ni, kò sí ẹni tó fi ta yín lọ́rẹ. Àwọn ọjọ́ tó ṣẹ́kù, inú ìsinmi ọdún yín la ó ti yọ wọ́n. Ọ̀gbẹ́ni Gaël ti mọ ohun tí a kọ sí òun náà." Ó yọ dígí ojú rẹ̀. "Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ mi dáadáa. Omi gòkè nígbà tí ẹ kò sí. Ọjọ́ mẹ́tàdínlógún ni àwọn tó wà ní Nangbéto fi dúró dè é bí ẹni tí wọ́n fi aṣọ dì lójú. Ẹ̀ṣẹ̀ yín nìyẹn. Kì í ṣe pé ẹ lọ sin bàbá yín. Ẹ ì bá ti rán ẹnìkan wá sọ pé 'n kò sí nílé', láìsọ ìdí. Ìyá Ọ̀gbẹ́ni Gaël, ìyá tirẹ̀ ni. Ilé iṣẹ́ kò ní ìyá, Ọ̀gbẹ́ni Léon. Tábìlì ló ní. Orí tábìlì ni kí ẹ máa gbé ọ̀rọ̀ sí. Nítorí náà, ẹ gba ìwé ìkìlọ̀ yìí."

"Ẹ ṣeun, Màdáàmù."

"Ìkìlọ̀ ni."

"Mo gbọ́. Ẹ ṣeun, Màdáàmù."

"Ó ku ẹyọ kan. Àwọn ìlà yẹn, ẹ má fi wọ́n sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, kí ẹni tí kò mọ nǹkan má baà rí àyè kọ ohun tó wù ú síbẹ̀ lọ́jọ́ iwájú. Ẹ kọ ọ́ sí ìkọ̀ọ̀kan pé a kò wò ó. Kí ẹ buwọ́ lù ú. Mẹ́tẹ̀ẹ̀tàdínlógún."

Àṣálẹ́ ti ń lẹ̀ nígbà tó délé. Ìbíọlá dúró lójú ọ̀nà, níbi tí ọ̀nà odò ti yà. Ó wo àpò tó gbé dání lọ. Nígbà yìí, kò sí iṣu nínú rẹ̀, ìwé ni.

"Kí ni wọ́n ṣe?"

"Wọ́n nà mí."

Ó gbọ́wọ́ lé àyà. "Níbo?"

"Níbi tó yẹ."

Ìbíọlá wò ó, ó wò ó, ó sì bú sẹ́rìn-ín, ẹ̀rín tí kò ti ẹnu rẹ̀ jáde láti ìgbà tí alùpùpù ti wá pè wọ́n. Ó se àwọn iṣu tí wọ́n kọ̀ lẹ́nu géètì. Wọ́n jẹ ẹ́ tán.

Lówùúrọ̀, lẹ́yìn tó wo omi, Léon jókòó sórí gbòǹgbò igi létí odò pẹ̀lú ìwé ńlá náà. A kò wò ó. Ó buwọ́ lù ú. A kò wò ó. Ìlà kìíní ni ọjọ́ tó tẹ̀lé ọjọ́ tí wọ́n pè é. Ní ìlà kẹta, wọ́n ti gbé bàbá sí ibi tí wọ́n ń gbé irú wọn sí. Ní ìlà kẹsàn-án, àbúrò bàbá rẹ̀ sọ ìtàn kan tó mú gbogbo wọn rẹ́rìn-ín lẹ́yìn ilẹ̀kùn títì, tí ojú sì tì wọ́n. Ó ń kọ ọ́, ó ń rántí. Ìwé omi yìí kò lè gba bàbá rẹ̀. Síbẹ̀, ó ti fún un ní àyè mẹ́tàdínlógún, òtítọ́ ló sì wà níbẹ̀. Kò mọ ẹni tó yẹ kó dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ fún ìyẹn. Ó dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo wọn, Ọlọ́run, Màdáàmù, Màmá, títí kan André tó ń rùn fún epo.

Ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn náà, ọlọ́kọ̀ sẹ́mìjàn kan náà tún wá. Igbá ló gbé fún un. Ojú rẹ̀ ṣí sókè. Ọṣẹ mẹ́fà wà nínú rẹ̀.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, Léon sọ̀kalẹ̀ lọ wo omi. Ó pe Atakpamé. Gaël fúnra rẹ̀ ló gbé e, ìta gbangba ló sì wà, nítorí ẹyẹ ń ké, àwọn èèyàn ń sọ̀rọ̀, ọmọ jòjòló kan sì ń figbe ta bí ẹni tí wọ́n jẹ ní gbèsè.

"Mítà méjì àti mọ́kànlá, Ọ̀gá."

"Ẹ tún un sọ, Bàbá Léon! Ariwo ọmọ yìí kò jẹ́ kí n gbọ́."

Léon tún un sọ. Ó tún un sọ lẹ́ẹ̀kẹta pàápàá, nígbà tí wọn kò tíì béèrè.